Ejò Tó Ń Run Orín Nínú Ọgbà Ìyá Mi

Ohun àkọ́kọ́ tí ìlú òyìnbó gbà lọ́wọ́ mi ni "Mà". Ní gbogbo ọdún tí mo fi ṣe olùkọ́ ní Òkìtìpupa, kò sí ọmọ tó pe orúkọ mi lásán. Àwọn tó ti di ọ̀gá níbi iṣẹ́ ìjọba pàápàá, bí wọ́n bá pàdé mi lọ́jà, wọn a ti dọ̀bálẹ̀ kí wọ́n tó rántí pé aṣọ funfun ni wọ́n wọ̀. Ṣùgbọ́n ní àárọ̀ ọjọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ilé àwòrán, ọmọkùnrin kan tí irùngbọ̀n rẹ̀ kò tíì kún wá síwájú mi, ó sì pe orúkọ tí bàbá mi sọ mí, bí ẹni pé ó wà níbẹ̀ lọ́jọ́ ìkómọjáde. Òun ni ọ̀gá mi.

Mo rọra ṣàlàyé fún un pé níbi tí mo ti wá, a kì í pe orúkọ àgbàlagbà bẹ́ẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní kí n fọkàn balẹ̀, pé èmi náà kò ní láti máa pe òun ní "Sà".

"N kò ní i lọ́kàn tẹ́lẹ̀," ni mo dá a lóhùn.

Kí òtútù ọdún náà tó lọ, ó ti ń pè mí ní "Mà". Mo ka ìyẹn sí ìṣẹ́gun. Ẹni tó bá wà lókè òkun kì í fojú kéré ìṣẹ́gun kankan.

Fọlákẹ́ ọmọ mi ló ránṣẹ́ pè mí pé kí n wá bá òun tọ́jú àwọn ọmọ òun. Àwọn ọmọ náà dàgbà, wọ́n wọ ilé ìwé, ilé sì wá dákẹ́. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ibẹ̀ kì í ṣe irú tiwa. Nílé, bí ilé bá dákẹ́, a óò ṣì gbọ́ adìẹ, a óò gbọ́ ẹni tó ń gún nǹkan lágboolé kejì. Níbẹ̀, ẹ̀rọ tó ń mú ilé gbóná nìkan ló ń mí. Bí mo bá kí ènìyàn lójú ọ̀nà, ẹni náà a bojú wẹ̀yìn, bóyá ohun kan ló jábọ́ lára òun. Ìdí tí mo fi wá iṣẹ́ nìyẹn. Kì í ṣe ebi.

Iṣẹ́ náà kò le. Inú yàrá kan ni n óò wà, n óò máa ṣọ́ àwòrán kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. Iṣẹ́ ọnà ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ nílé ìwé, nítorí náà ó dà bí ìgbà tí wọ́n ní kí ẹyẹ wá ṣọ́ oko àgbàdo. Ojú nìkan ni mo fi ń jẹ tèmi.

Lọ́dún náà, àwòrán ọgbà ni wọ́n kó jọ, bí àwọn ènìyàn ṣe ń ya ọgbà láti ayé àtijọ́ títí di òní. Ní yàrá àkọ́kọ́, ẹ̀dà àwòrán kan wà tí àwọn ará Íjíbítì yà sára ògiri ibojì ọlọ́lá kan. Adágún omi wà láàrin, ẹja àti pẹ́pẹ́yẹ wà nínú rẹ̀, igi sì yí i ká. Ṣùgbọ́n ẹni tó yà á tẹ́ igi apá kan sílẹ̀ gbalaja bí ẹní, ó sì jẹ́ kí ti apá kejì dúró. Ká ní ọmọ kíláàsì mi ló yà á, ǹ bá fi bírò pupa kọ "Tún un ṣe" sí i. Ó pẹ́ díẹ̀ kí ó tó yé mi pé òkú ló yà á fún. Òkú kò lè rìn yí igi ká. Ó ní láti rí gbogbo rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà láti ibi tó sùn sí.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ti àwọn ará Róòmù, tí wọ́n ya ọgbà sára ògiri yàrá tí kò ní fèrèsé, èso lórí igi, ẹyẹ lórí èso, kí ẹni tó ń jẹun nínú òkùnkùn lè rò pé ìta ni òun wà. Mo máa ń dúró níwájú eléyìí bí òjò dídì bá ń bọ́ lóde. Mo mọ ohun tó ń ṣe ẹni tó ní kí wọ́n yà á.

Ọ̀rẹ́ kan ṣoṣo tí mo ní níbẹ̀ ni Dáríúsì, bàbá kan láti ilẹ̀ Páṣíà tí òun náà ń ṣọ́ yàrá. Nígbà tó sọ orúkọ rẹ̀ fún mi, mo ní, "Ọba inú ìwé Dáníẹ́lì."

"Ó jọba nígbà náà," ó ní. "Ní báyìí, ẹní ló ń ṣọ́."

Òótọ́ ni. Yàrá rẹ̀ ni wọ́n gbé ẹní ńlá kan kọ́ sí, èyí tí wọ́n hun ọgbà sínú rẹ̀. Odò tẹ́ẹ́rẹ́ pín in sí mẹ́rin, òdòdó àti igi sì kún inú ìdá kọ̀ọ̀kan. Ó ní nílẹ̀ àwọn, bí òtútù bá pa gbogbo ewéko níta, ọlọ́rọ̀ a tẹ́ irú ẹní bẹ́ẹ̀, a jókòó lé e, a máa mu tíì rẹ̀ láàrin ọgbà.

"Ṣé ẹ mọ ibi tí Párádísè ti wá?" ó bi mí.

"Ọ̀dọ̀ Ọlọ́run."

"Ọ̀dọ̀ wa ni. Ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn baba wa ni. Ògiri tí a mọ yí ilẹ̀ ká ló túmọ̀ sí."

Mo sọ fún un pé bákan náà ló rí lédè tiwa. Ọgbà kì í ṣe òdòdó. Ọgbà ni ohun tí a fi yí nǹkan ká. Ọgbà ilé ìwé wà, ọgbà ẹran wà, ọgbà ẹ̀wọ̀n sì wà. Ó rò ó títí, ó ní, "A jẹ́ pé ẹni tó bá di kọ́kọ́rọ́ mú ló lè sọ irú èyí tó jẹ́." A jọ rẹ́rìn-ín sí i, a sì padà sí yàrá wa.

Èmi náà ní ọgbà kan ní Igbódìgò, ìlú wa. Ìyá mi ló ṣe é sẹ́yìn ilé, ó fi pèrègún yí i ká. Igi àgbálùmọ̀ wà níbẹ̀, òroǹbó wà, ewúro àti efinrin wà, kókò sì kún ẹ̀gbẹ́ kànga. Lábẹ́ àgbálùmọ̀ náà ni a sin ìyá mi sí. Kí ó tó kú, ó pe èmi àti Akínwándé, àbúrò mi. Bàbá kan náà ló bí wa; ìyá mi ló sì tọ́ ọ dàgbà lẹ́yìn tí ìyá tirẹ̀ kú. Ó ní, "Ẹ jọ ni ilé. Ọgbà yìí, ti ọmọbìnrin mi ni." Èdè Ìkálẹ̀ wa ló fi sọ ọ́, mo ń kọ ọ́ ní Yorùbá inú ìwé kí ó lè yé gbogbo ènìyàn. Nígbà tí mo ń lọ sókè òkun, ọwọ́ Akínwándé ni mo fi ọgbà náà sí.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ènìyàn tí Akínwándé jẹ́. Ìpéǹpéjú òsì rẹ̀ wálẹ̀ díẹ̀, bí aṣọ fèrèsé tí wọn kò kọ́ dáadáa, orín kì í sì í kúrò lẹ́nu rẹ̀. Ó ń run ún láàárọ̀, ó ń run ún lálẹ́. Níbi ìsìnkú bàbá wa, ó ń run ún.

Nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò dára lọ́jọ́ tó pè mí.

"Ànńtí, ẹ kú àtijọ́ o. Níbo lẹ wà báyìí?"

"Mo wà nínú ọgbà."

"Nínú kí ni?"

"Nínú ọgbà. Ibẹ̀ ni mo máa ń wà láti àárọ̀."

"Háà. Ṣé wọ́n ń jẹ́ kí ẹ jókòó?"

"Àga wà, ṣùgbọ́n bí ọ̀gá bá ń kọjá, a máa ń dìde."

"Tí ìtọ̀ bá ń gbọ̀n yín ńkọ́?"

"N óò tọrọ àyè, kí ẹlòmíràn wá dúró dípò mi. Bí a bá sì fẹ́ jáde, wọn a yẹ àpò wa wò."

"Ọlọ́run á kó yín yọ, Ànńtí. Ìgbà wo ni wọ́n máa tú yín sílẹ̀?"

"Ó di ìrọ̀lẹ́."

Ìgbà tí mo gbọ́ tó ń kẹ́dùn ni ọ̀rọ̀ náà tó yé mi. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Mo ní, "Akínwándé, kì í ṣe ọgbà ẹ̀wọ̀n. Ilé àwòrán ni. Àwòrán ọgbà ni mo ń ṣọ́." Òun náà rẹ́rìn-ín. Ó ní òun ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ààwẹ̀. Kí ó lè yé e yékéyéké, mo fi fọ́tò mi ránṣẹ́ sí i lórí fóònù, nínú yúnífọ́ọ̀mù mi aláró dúdú, pẹ̀lú káàdì lọ́rùn mi. Ó fi èsì ránṣẹ́ pé mo rẹwà.

Ó mọ òtítọ́. Bí ẹ bá ní bírò lọ́wọ́, ẹ fa ìlà sábẹ́ gbólóhùn yẹn.

Mo padà sídìí iṣẹ́ mi. Lẹ́yìn yàrá Dáríúsì, àwọn àwòrán ìyá Jésù ló wà níbẹ̀, tó jókòó nínú ọgbà kékeré tí ògiri yí ká, lílì lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ilẹ̀kùn rẹ̀ tì. Lẹ́yìn ìyẹn ni ti àwọn ìjòyè ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ìjòyè á dúró lábẹ́ igi, ìyàwó rẹ̀ á jókòó nínú ṣẹ́dà, ilẹ̀ wọn á sì nà lọ sẹ́yìn títí ojú kò fi tó o mọ́. Wọ́n gé koríko ibẹ̀ dọ́gbadọ́gba. Mo wá ẹni tó gé e, n kò rí i. Wọ́n ti ní kí ó kúrò níbẹ̀ kí ayàwòrán tó dé.

Àlejò kan, bàbá arúgbó kan tó fi ọ̀pá rìn, bi mí lọ́jọ́ kan bóyá àwọn ènìyàn mi náà máa ń ya ọgbà. Mo ronú sí i. Mo rántí àwọn ilẹ̀kùn gbígbẹ́ tí mo ti rí: jagunjagun, ọdẹ, ìyá tó pọnmọ, ẹni tó ń gun ọ̀pẹ. Ọ̀pẹ wà níbẹ̀ nítorí ẹni tó ń gùn ún. Mo ní, "Àwa kì í ya ọgbà, Sà. À ń jẹ ẹ́ ni." Ó rẹ́rìn-ín dáadáa. Ṣùgbọ́n ìdáhùn náà kò tẹ́ mi lọ́rùn. Lọ́nà ilé, nínú bọ́ọ̀sì, mo ń bi ara mi pé bí ìyá mi bá jí dìde, kí ni òun yóò fi hàn pé ibì kan wà láyé tó jẹ́ tirẹ̀? Àwọn ìjòyè wọ̀nyí mọ ohun tí wọ́n ń ṣe. Ẹni tí wọ́n bá yà mọ́ ilẹ̀, ó ṣòro láti lé e kúrò níbẹ̀.

Ọ̀sán ni Ìyá Dúpẹ́ pè mí, nígbà tí mo ń jẹun. Èmi àti òun la jọ ṣe olùkọ́, òun sì ni olórí àwọn obìnrin ní ìjọ wa ní Igbódìgò. Ó rọ ohùn rẹ̀ sílẹ̀ bí ẹni tó wà nílé òkú.

"Tíṣà, ṣé wọ́n ń jẹ́ kí ẹ gba fóònù níbẹ̀?"

"Níbo?"

"Ẹ má bínú. Gbogbo Ọjọ́rú la máa ń gbàdúrà fún yín. Ẹ̀ṣẹ̀ wo lẹ ṣẹ̀ wọ́n gan-an?"

Díẹ̀díẹ̀ ló jáde. Akínwándé ti gbé fọ́tò mi lọ síwájú ẹbí. Ó ní kí wọ́n wo yúnífọ́ọ̀mù, kí wọ́n wo nọ́ńbà tí wọ́n so mọ́ mi lọ́rùn. Ó ní ẹnu mi ni òun ti gbọ́ ọ pé mo wà nínú ọgbà, pé mo ń tọrọ àyè kí n tó tọ̀. Ó sunkún níbẹ̀. Ó ní ilẹ̀ òyìnbó kì í tú irú wa sílẹ̀, nítorí náà kí wọ́n jẹ́ kí òun fi ẹ̀yìn ilé ṣe nǹkan. Ẹbí ní kò burú. Ó gé àgbálùmọ̀, ó hú pèrègún, ó da sìmẹ́ńtì sílẹ̀, ó sì gbé ẹ̀rọ búlọ́ọ̀kù síbẹ̀.

"Ibojì ńkọ́?" ni mo bi í.

"Tíṣà, ẹ jẹ́ ká sọ ọ̀rọ̀ míì."

"Ibojì ìyá mi ńkọ́?"

"Wọ́n ń to búlọ́ọ̀kù tútù lé e. Ó ní ojú ibẹ̀ ló tẹ́jú jù."

N kò sunkún. Àwọn tó mọ̀ mí mọ̀ pé bí inú bá bí mi, ọwọ́ ìkọ̀wé mi ló máa ń dára sí i. Mo sọ òótọ́ ibi tí mo wà fún Ìyá Dúpẹ́, mo ní kí ó ṣì pa á mọ́ sínú ná, mo fọ abọ́ mi, mo sì padà lọ dúró sí yàrá mi.

Fọlákẹ́ ní kí a gbé e lọ sí kóòtù.

"Kóòtù á ní ká ṣe sùúrù," mo ní. "N kò fẹ́ ṣe sùúrù."

"Ẹ dárí jì í nígbà náà, Mọ́mì. Kristẹni ni yín."

"N óò dárí jì í. Kì í ṣe ọdún yìí."

Láti ọjọ́ náà, ojú tí mo fi ń wo àwọn àwòrán wọ̀nyẹn yí padà. Kì í ṣe òdòdó ni mo ń wá mọ́. Ohun ìjà ni mo ń wá. Yàrá Édẹ́nì ni mo ti rí i. Nínú ọ̀kan lára àwọn àwòrán ibẹ̀, Éfà dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi, ejò sì wé mọ́ igi náà, ṣùgbọ́n ejò yìí ní ojú ènìyàn, irun, etí, àti ẹ̀rín lẹ́nu. Mo pe Dáríúsì.

"Kí ló dé tí ejò fi ní ojú ènìyàn?"

"Ó yẹ kí ó ní," ó ní. "Ejò lásán kò mọ ọ̀nà ilé ẹni." Ó tún ní òun ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó ń mú àlejò káàkiri pé àwọn ayàwòrán àtijọ́ kan, bí ènìyàn bá ṣẹ̀ wọ́n, ojú onítọ̀hún ni wọ́n máa ń yà fún èṣù nínú ilé Ọlọ́run, ẹni náà á sì máa wo ara rẹ̀ níbẹ̀ ní gbogbo ọjọ́ ìsinmi.

"Kò lè fẹjọ́ sùn?"

"Kí ló máa sọ? Pé òun ló jọ èṣù?"

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Mo lọ ra páálí àti kíréyọ̀nù.

Bí ẹ bá jẹ́ ará ilé, ẹ mọ̀ pé ìjọ wa máa ń tẹ kàlẹ́ńdà jáde nígbà Ìkórè, kò sì sí pálọ̀ tí kì í dé. Láti ìgbà tí mo ti gbọ́njú, àwòrán kan náà ni wọ́n ń lò: olùṣọ́-àgùntàn òyìnbó kan tó gbé ọ̀dọ́ àgùntàn sọ́rùn. Mo pe Àlùfáà, ọmọkùnrin dáadáa kan tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé wá láti ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, mo ní mo fẹ́ ya ọgbà Édẹ́nì fún ti ọdún náà. Inú rẹ̀ dùn. Ó kọ́kọ́ bi mí ná bóyá wọ́n ti tú mi sílẹ̀.

Ìdí tábìlì ilé ìdáná ni mo ti yà á, láwọn ọjọ́ tí n kò bá lọ síbi iṣẹ́. Gbogbo ohun tí mo ti kọ́ ní yàrá wọ̀nyẹn ni mo lò. Mo tẹ́ igi díẹ̀ sílẹ̀ bíi ti àwọn ará Íjíbítì, kí ìyá mi lè rí wọn láti ibi tó wà. Mo fa odò tẹ́ẹ́rẹ́ mẹ́rin láti inú kànga bíi ti ẹní Dáríúsì. Mo to kókò sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ní ewé kọ̀ọ̀kan, mo ya òroǹbó, mo ya ewúro, mo sì fi pèrègún yí gbogbo rẹ̀ ká láìfi àyè sílẹ̀. Ẹni tó bá ti wọ ẹ̀yìn ilé wa rí yóò mọ̀ ọ́n kí ó tó ka ohunkóhun. Mo wọ aṣọ fún Ádámù àti Éfà, nítorí inú pálọ̀ àwọn ènìyàn ni wọ́n ń lọ. Èmi kò fi ojú Éfà ṣòfò. Ojú ìyá mi ni.

Lẹ́yìn náà ni mo ya ejò sórí àgbálùmọ̀. Mo ṣe ìpéǹpéjú òsì rẹ̀ fínnífínní. Mo fi orín sí i lẹ́nu.

Àlùfáà wò ó lórí fóònù. "Mà, kí ló wà lẹ́nu ejò yìí?"

"Igi ni, Àlùfáà."

Òótọ́ ni mo sọ. N kò kọ́ ọmọ ẹnikẹ́ni ní irọ́ rí.

Ìyá Dúpẹ́ ló ròyìn ọjọ́ Ìkórè fún mi. Ó ní nígbà tí wọ́n pín kàlẹ́ńdà náà, gbogbo ilé Ọlọ́run tẹjú mọ́ ọn. Baba kan wúkọ́. Olórí ẹbí wa wọ awò ojú rẹ̀, ó bọ́ ọ, ó nù ún, ó tún un wọ̀. Ẹni àkọ́kọ́ tó rẹ́rìn-ín ni ìyàwó Akínwándé. Ibẹ̀ ni Ìyá Dúpẹ́ ti dìde, ó sì sọ fún gbogbo ìjọ pé ilé àwòrán ni mo wà, pé n kò rí ẹ̀wọ̀n rí, pé ẹni tó mọ̀ bẹ́ẹ̀ wà láàrin wọn tó ń run orín.

Kàlẹ́ńdà náà dé gbogbo ibi. Ó wà ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀, ó wà nílé àwọn tó ń yan púpurú, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ wa, ẹnìkan gbé e dé Ìyànsàn. Bí Akínwándé bá ń kọjá, wọn a ní, "Ẹ kú ọgbà o." Àwọn tó wá ra búlọ́ọ̀kù ń béèrè bóyá ti Édẹ́nì ló kù tàbí ti lẹ́yìn ìṣubú. Ohun tó wá dùn ún jù ni ti ìlú Ìrẹ̀lẹ̀, níbi tí ó ti lọ tọrọ ìyàwó fún ọmọkùnrin rẹ̀. Wọ́n fi í jókòó sórí àga ọlá, kàlẹ́ńdà náà sì wà lórí ògiri lókè orí rẹ̀. Bàbá ìyàwó wo òkè, ó wo ìsàlẹ̀, ó tún wo òkè. Ó ní àwọn óò fún un lésì.

Ó pè mí lọ́jọ́ kejì.

"Ànńtí, kí ni mo ṣe fún yín?"

"Báwo ni, Akínwándé?"

"Ẹ yà mí ní ejò."

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀?"

"Gbogbo ìlú ni."

"Gbogbo ìlú náà ló ní mo wà lẹ́wọ̀n. Mo rò pé ìwọ gbà pé gbogbo ìlú kì í ṣi ọ̀rọ̀ sọ."

Ó ń sọ nǹkan kan. Mo ní, "Yọ orín lẹ́nu kí o tó bá mi sọ̀rọ̀. N kò gbọ́ ọ dáadáa." Mo gbọ́ bó ṣe tu ú sílẹ̀.

"Kí lẹ fẹ́?"

"Fọ́ sìmẹ́ńtì yẹn. Ọwọ́ ara rẹ ni kí o fi fọ́ ọ, lọ́sàn-án, kí àwọn ènìyàn lè máa kí ọ. Tún ojú ibojì ìyá mi ṣe. Lẹ́yìn náà, kí o gbin gbogbo ohun tó wà níbẹ̀ padà. O ní àwòrán rẹ̀ lọ́wọ́. Kò sí ohun tí mo fò."

"Ànńtí, àgbálùmọ̀ máa ń pẹ́ kó tó so."

"Ṣé mo ní kí o yára?"

"Tí n kò bá wá ṣe é ńkọ́?"

"Àlùfáà ti ní kí n ya ti ọdún tó ń bọ̀. Mo ń ronú Ìdájọ́ Ìkẹyìn. Iná pọ̀ níbẹ̀, ṣùgbọ́n mo ní kíréyọ̀nù pupa."

Ó mí kanlẹ̀. "Tí mo bá ṣe é, ẹ máa yọ ojú mi?"

"Kàlẹ́ńdà ni. Ọdún á parí, á sì parí."

"Ẹ mọ̀ pé àwọn ènìyàn wa kì í yọ kàlẹ́ńdà àtijọ́ lára ògiri."

"Mo mọ̀," ni mo wí.

Ó fọ́ ọ. Ìyá Dúpẹ́ gbé àga lọ síbẹ̀ láti wò ó, ó sì ń fi fídíò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi. Mo máa ń wò wọ́n nínú bọ́ọ̀sì bí mo bá ń lọ síbi iṣẹ́, láàrin àwọn ènìyàn tí kì í wo ojú ara wọn. N kò lè sọ pé mo dá nìkan wà láwọn àárọ̀ wọ̀nyẹn. Ìró òòlù tó ń lu sìmẹ́ńtì ní Igbódìgò wà létí mi. Fọlákẹ́ ní ẹ̀rín tí mo ń rín sí fóònù ń ba òun lẹ́rù.

N kò ya Ìdájọ́ Ìkẹyìn. Mo ya Ádámù lẹ́yìn tí wọ́n lé e kúrò lọ́gbà, bí àwọn ayàwòrán àtijọ́ ṣe máa ń yà á, tó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ pẹ̀lú ọkọ́ nínú oòrùn. Akínwándé ti ránṣẹ́ pé tí n bá máa ya òun, kí n jẹ́ kí ojú òun hàn dáadáa lọ́tẹ̀ yìí, kí àwọn àna rí i pé ènìyàn ni òun. Ẹni tó bá ń roko, ẹ̀yìn rẹ̀ ló máa ń kọ sí ni. Ìdí rẹ̀ ni mo yà. Wọ́n ní kò sí ẹni tí kò dá a mọ̀.

Ọdún tó tẹ̀lé ìyẹn ni mo lọ sílé. Òun ló wá pàdé mi ní gáréèjì ní Òkìtìpupa, ó sì ru ẹrù mi. Pèrègún ti ga dé èjìká. Àgbálùmọ̀ tuntun náà kò tíì ju ọmọ kékeré lọ, ó so okùn mọ́ ọn lára kí atẹ́gùn má baà dá a. Ó ti kun ibojì ní ọ̀dà funfun. Gbogbo rẹ̀ ló dára. Mo wò ó bí ẹni tó ń máàkì ìwé, mo wá àṣìṣe títí, n kò rí.

Ó gbé àga fún mi sábẹ́ ìbòòji ilé. Ó fa omi láti inú kànga, ó ń bu ú sídìí ewéko lọ́kọ̀ọ̀kan, mo sì rí i lẹ́nu rẹ̀ pé ó ń sọ nǹkan kan jẹ́jẹ́ sí ìdí kọ̀ọ̀kan. Kì í ṣe àdúrà. Kò sì ba ewé kankan jẹ́. Ewé kì í béèrè ohun tó wà nínú ẹni tó ń bu omi fún un. Ó rìn títí ó fi dé ọ̀dọ̀ mi, ó gbé korobá sílẹ̀, ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu òógùn.

"Ànńtí, ọmọ mi ti gbé ìyàwó rẹ̀ wálé. Mo ti ṣe ohun gbogbo tí ẹ wí. Ṣé ẹ ti dárí jì mí báyìí?"

Mo wo ojú rẹ̀, mo wo ẹ̀yìn rẹ̀ lọ́hùn-ún.

"Kókò tó wà ní igun yẹn," mo ní, "omi kò tíì dé ìdí rẹ̀."

Ó gbé korobá rẹ̀, ó sì padà sídìí kànga.